Ife méjì, jọ́ọ̀gì kan: ìbéèrè àti ìdáhùn lórí àwọn ọmọ tí kò gbọ́ èdè ara wọn

Mo máa ń sọ pé bí àwọn ọmọ tí kò gbọ́ èdè ara wọn bá jọ bu omi mu láti inú jọ́ọ̀gì kan, wọ́n lè tibẹ̀ di ọ̀rẹ́. Àwọn òbí, olùkọ́ àti àwọn tó ń tọ́jú ọmọ kì í yé béèrè nǹkan wọ̀nyí nípa rẹ̀. Ìbéèrè kan náà ló ń padà wá ṣáá, ni mo bá kó wọn jọ sójú kan.

Ṣé òótọ́ ni pé ọmọ méjì tí kò gbọ́ èdè ara wọn lè di ọ̀rẹ́?

Òótọ́ ni, kì í sì í pẹ́. Kí ọmọ tó lè pe ọ̀rọ̀ kan já gaara ló ti mọ bí a ṣe ń bá èèyàn ṣe nǹkan pọ̀. Láàárín oṣù 9 sí ọdún kan, ọmọ ọwọ́ á na ìka sí nǹkan, á wo ojú ìyá rẹ̀, á tún wo nǹkan náà, kó lè dá a lójú pé ohun tí òun ń wò ni ìyá náà ń wò. Ibẹ̀ ni ìbánisọ̀rọ̀ ti bẹ̀rẹ̀; ọ̀rọ̀ ẹnu ló wá bá a lọ́nà.

Ní 2006, Felix Warneken àti Michael Tomasello tẹ ìwádìí kan jáde tó fi hàn pé bí nǹkan bá bọ́ lọ́wọ́ àgbàlagbà tí ọwọ́ rẹ̀ kò sì tó o mọ́, ọmọ oṣù 18 á bá a mú un, bí ẹni náà tilẹ̀ jẹ́ àjèjì, tí kò sì sẹ́ni tó bẹ̀ ẹ́. Àwa àgbà la rò pé èdè ló gbọ́dọ̀ ṣáájú. Ojú lọ̀rọ̀ wà, ọmọdé sì mọ ìyẹn jù wá lọ.

Kí ni ohun mímu ní tí bọ́ọ̀lù tàbí bèbí kò ní?

Gbogbo ọmọ ló mọ òùngbẹ. Kò sẹ́ni tó máa ṣàlàyé fún ọmọ ìdí tí èèyàn fi ń mu omi. Bọ́ọ̀lù ní òfin, eré kọ̀ọ̀kan ní òfin tiẹ̀, òfin sì ń fẹ́ ẹni tó máa fẹnu sọ ọ́. Ohun mímu tún máa ń mú ọmọ jókòó. Ọmọ tó ń sáré kiri kò ráyè wo ojú ẹnikẹ́ni. Ọmọ tí ife wà níwájú rẹ̀ ráyè.

Àmọ́ ohun tí mo kà sí jù ni pé jọ́ọ̀gì wúwo lọ́wọ́ ọmọ kan. Mo wo ọmọbìnrin ọdún márùn-ún kan lọ́jọ́ kan pẹ̀lú ọmọkùnrin tó fi díẹ̀ jù ú lọ. Kò sẹ́ni tó gbọ́ gbólóhùn kan nínú èdè ẹnì kejì. Ọmọbìnrin náà fi ọwọ́ méjèèjì gbé jọ́ọ̀gì, ẹnu jọ́ọ̀gì ń gbọ̀n. Ọmọkùnrin náà na ọwọ́, ó di ìdí ife mú kó má baà yí, ó sì tẹjú mọ́ omi bó ṣe ń gòkè. Nígbà tó kù díẹ̀ kó kún, ó gbé àtẹ́lẹwọ́ sókè. Ọmọbìnrin náà dúró, ṣùgbọ́n omi ti ta sórí tábìlì. Àwọn méjèèjì wo omi náà, wọ́n wo ara wọn, ni ẹ̀rín bá bú jáde. Lẹ́yìn náà ni ọmọkùnrin náà gba jọ́ọ̀gì.

Kò sí ọ̀rọ̀ kankan nínú gbogbo rẹ̀. Síbẹ̀ "dì í mú", "ó tó", "ó kàn mí" ti kọjá láàárín wọn. Torí náà, bí ẹ bá ti bu omi sínú ife kí wọ́n tó jókòó, ẹ ti gba iṣẹ́ náà lọ́wọ́ wọn. Ẹ gbé jọ́ọ̀gì kékeré kalẹ̀, kí omi inú rẹ̀ má ju ìlàjì lọ, kí aṣọ ìnulẹ̀ sì wà nítòsí.

Ọmọ ọdún mélòó ló wúlò fún?

Mildred Parten ṣe ìwádìí lórí bí ọmọ kéékèèké ṣe ń ṣeré, ó sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní 1932. Ó rí i pé àwọn tó kéré sábà máa ń ṣeré lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, kálukú pẹ̀lú tiẹ̀, pé bí wọ́n ṣe ń dàgbà sí i ni wọ́n ń ṣeré pa pọ̀. Torí náà bí ọmọ ọdún 2 méjì bá jókòó tí kálukú gbájú mọ́ ife ọwọ́ rẹ̀, ẹ má sọ pé kò ṣiṣẹ́. Jíjókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn yẹn ni ọ̀rẹ́ ní ọjọ́ orí tiwọn.

Lójú tèmi, láàárín ọdún 4 sí 8 ló rọrùn jù. Bí ọmọ bá ti lé ní ọdún 10, ìtìjú á ti wọ̀ ọ́. Á kọ́kọ́ máa wo ẹni tó ń wo òun. Irú wọn ò fẹ́ kí a jókòó tì wọ́n bí ẹni tó ń wo àwòrán. Iṣẹ́ ni kí ẹ fún wọn: kí àwọn méjì jọ máa pín omi fún àwọn yòókù lẹ́yìn eré ìje.

Kí ni kí n fún wọn mu?

Omi. Omi ò lọ́tàá: kò ba eyín jẹ́, ara gbogbo ọmọ ló gbà á, bó bá sì dà sílẹ̀ a ó nù ún tán. Wàrà tún dára, bí a bá ti mọ̀ pé ara gbogbo wọn gbà á.

Ẹgbẹ́ àwọn dókítà ọmọdé ní Amẹ́ríkà sọ ní 2017 pé kí ọmọ tí kò tíì pé ọdún kan má mu oje èso rárá. Ọmọ ọdún 1 sí 3 kò gbọdọ̀ kọjá nǹkan bíi mílílítà 120 lóòjọ́, ọmọ ọdún 4 sí 6 kò gbọdọ̀ kọjá 180, àwọn tó dàgbà jù bẹ́ẹ̀ kò gbọdọ̀ kọjá 240. Ó kéré ju bí ọ̀pọ̀ òbí ṣe rò lọ. Ní ti ọtí ẹlẹ́rìndòdò, agolo mílílítà 330 sábà máa ń ní nǹkan bíi gíráàmù 35 ṣúgà nínú. Mi ò rò pé ọ̀rẹ́ kankan nílò ìyẹn. Ohun mímu tó ní kaféènì láti fi ta èèyàn jí kì í ṣe ti ọmọdé rárá.

Kí ó má gbóná. Ohun mímu gbígbóná wà lára ohun tó ń bó ọmọ kéékèèké lára jù, jọ́ọ̀gì tí ọwọ́ mẹ́rin ń fà sì ni ibi tó yá jù fún un láti ṣẹlẹ̀. Bó bá ṣẹlẹ̀, ẹ bọ́ aṣọ tó wà níbẹ̀ bí kò bá lẹ̀ mọ́ ara, kí ẹ jẹ́ kí omi tútù tó ń ṣàn máa dà sí i fún ìṣẹ́jú 20, kí ẹ sì wá dókítà. Kì í ṣe yìnyín, kì í ṣe òróró.

Ṣé wọ́n lè mu nínú ife kan náà?

Mo mọ̀ pé ó wuyì lójú, ṣùgbọ́n rárá. Itọ́ ń gbé ọ̀fìnkìn, ó ń gbé kòkòrò tó ń fa egbò ètè, àwọn kòkòrò tó ń fa àrùn yírunyírun náà sì ń gba imú àti ọ̀nà ọ̀fun ràn. Sítírọ́ọ̀ méjì nínú ife kan kò yí i padà, torí ohun tó wọ sítírọ́ọ̀ lè tún ṣàn padà sínú ife.

Jọ́ọ̀gì ni kí wọ́n jọ ní, kì í ṣe ife. Ìyẹn ni àjọpín tí mò ń sọ, ibẹ̀ sì ni iṣẹ́ wà. Bí ife bá jọra, ẹ fi rọ́bà aláwọ̀ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ sí i lọ́rùn kí kálukú mọ tiẹ̀. Àwọn ọmọ fẹ́ràn kí wọ́n fúnra wọn mú àwọ̀.

Ọgbọọgba ni mo bù ú, síbẹ̀ wọ́n ń jà pé ti ẹnì kan pọ̀ jù. Kí ló dé?

Ẹ wo ife náà. Ó dájú pé ọ̀kan ga, ó tẹ́ẹ́rẹ́, èkejì sì kúrú, ó fẹ̀. Jean Piaget, ọmọ Switzerland tó ṣèwádìí bí ọmọdé ṣe ń ronú, ló jẹ́ kí gbogbo ayé mọ ọ̀rọ̀ yìí: ẹ da omi láti inú ife fífẹ̀ sínú ife tẹ́ẹ́rẹ́ lójú ọmọ ọdún 4 tàbí 5, kí ẹ bi í léèrè èyí tó pọ̀ jù. Ọ̀pọ̀ wọn á ní èyí tó ga ni, bẹ́ẹ̀ wọ́n rí i pé omi kan náà ni. Títí di nǹkan bí ọdún 7, ojú ni ọmọ ń gbà gbọ́. Kì í ṣe ojúkòkòrò, kì í ṣe ìwàkiwà.

Láàárín ọmọ tó gbọ́ èdè ara wọn, ẹ lè fẹnu ṣàlàyé, bó tilẹ̀ jẹ́ pé wọn ò ní gbà. Láàárín àwọn tí kò gbọ́, ẹ ò ní ẹnu tí ẹ fẹ́ fi ṣe é. Ẹ wá ife tó jọra pátápátá, ìṣòro náà tán.

Tàbí kí ẹ lo ọgbọ́n tó ti gbó: ẹnì kan ni kó bù ú, ẹnì kejì ni kó kọ́kọ́ mú. Ẹ fi hàn wọ́n lẹ́ẹ̀kan, láìsọ̀rọ̀. Ẹ bu ife méjì, kí ẹ tì wọ́n síwájú ọmọ kejì, kí ẹ na àtẹ́lẹwọ́ sí i pé kó mú èyí tó wù ú. Nígbà tó bá di ìgbà kẹta, ẹni tó ń bù ú á ti máa bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ojú rẹ̀ á dọ́gba pẹ̀lú tábìlì, á máa wọn omi bí ẹni tó ń wọn wúrà.

Ọ̀rọ̀ wo ni kí n kọ́kọ́ kọ́ wọn?

Orúkọ ara wọn, kí wọ́n pè é bó ṣe yẹ kí a pè é. Ọmọ tí ẹnì kan pe orúkọ rẹ̀ dáadáa á gbọ́ pé ẹni náà mọ òun. Lẹ́yìn rẹ̀, ọ̀rọ̀ mẹ́rin péré ló ń mú jíjókòó sídìí jọ́ọ̀gì lọ: gbà, sí i, ó tó, ó kàn ẹ́. Ẹ má kó ju ìyẹn lọ fún wọn.

Orúkọ omi máa ń dùn mọ́ ọmọ nínú. *Omi* lẹ́nu ẹnì kan, *agua* lẹ́nu òmíràn, *ruwa* ní Hausa, *maji* ní Swahili, *su* ní Turkey, *mizu* ní Japan. Bí ọ̀kan bá ti gbọ́ ti èkejì báyìí, á máa pè é láti àárọ̀ dalẹ́, á sì máa rẹ́rìn-ín.

Ti tíì tún dùn jù bẹ́ẹ̀. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé ọ̀nà méjì péré ni ọ̀pọ̀ èdè ayé gbà ń pè é, láti inú èdè ilẹ̀ Ṣáínà sì ni méjèèjì ti wá: *tea*, *thé*, *té*, *Tee* níhìn-ín; *chai*, *çay*, *chá* lọ́hùn-ún. Ọmọ méjì láti òpin ayé méjì lè ní ọ̀rọ̀ kan tó jọ ara wọn láìmọ̀. Ọ̀rọ̀ náà ni mo ní kí ẹ fún wọn o, kì í ṣe tíì; kaféènì wà nínú rẹ̀.

Ṣé kí n máa túmọ̀ fún wọn? Fóònù tó ń túmọ̀ ńkọ́?

Bí kò bá sí ewu tàbí ẹkún, ẹ fi wọ́n sílẹ̀. Bí ẹ bá ti bẹ̀rẹ̀ sí í túmọ̀, ẹ̀yin ni àwọn méjèèjì á máa wò, wọn ò ní wo ara wọn mọ́. Mo ti rí i tí ìyá kan fi ìfẹ́ jókòó sáàárín ọmọ méjì, ó ń gbé ọ̀rọ̀ lọ, ó ń gbé e bọ̀. Láàárín ìṣẹ́jú mẹ́wàá, òun nìkan ló ń sọ̀rọ̀.

Fóònù burú jù bẹ́ẹ̀ lọ fún ọmọ kékeré, torí fóònù fúnra rẹ̀ ni wọ́n á fẹ́. Ẹ pa á mọ́ de ọ̀rọ̀ àwọn òbí. Ibẹ̀ ló ti wúlò.

Oṣù méjì rèé, ọmọ mi ò sọ̀rọ̀ kankan láàárín wọn. Ó kàn ń mu omi rẹ̀ ni.

Ọ̀pọ̀ ọmọ tó bá ara rẹ̀ láàárín èdè tuntun máa ń dákẹ́ fún ìgbà díẹ̀. Ti àwọn kan jẹ́ ọ̀sẹ̀ mélòó kan, ti àwọn míì tó oṣù mẹ́fà tàbí jù bẹ́ẹ̀. Kò túmọ̀ sí pé orí rẹ̀ kò gbé e. Ó ń gbọ́, ó ń kó o jọ. Ẹ ṣọ́ ọwọ́ rẹ̀ dípò ẹnu rẹ̀: ṣé ó ń ti ife sí ẹlòmíràn? Ṣé ó ń dúró kó kàn án? Ṣé ó ń wo ẹni tó ń bu omi? Bó bá ń ṣe ìwọ̀nyí, ara rẹ̀ ti wà nínú ẹgbẹ́.

Ẹ má fi ohun mímu fa ọ̀rọ̀ jáde lẹ́nu rẹ̀. "Bí o ò bá sọ pé ẹ jọ̀ọ́, o ò ní mu ún" ni ọ̀nà tó yá jù láti mú ọmọ bẹ̀rù tábìlì yẹn.

Ilé ni kí ẹ ti kíyè sí i. Bó bá ń sọ̀rọ̀ dáadáa nílé, ẹ fara balẹ̀. Bó bá ti dákẹ́ nílé pẹ̀lú, tàbí tó ti ń sọ̀rọ̀ tẹ́lẹ̀ tó wá dákẹ́, tàbí tí kì í yíjú nígbà tí ẹ bá pè é láti ẹ̀yìn, ẹ gbé e lọ sọ́dọ̀ dókítà, kí wọ́n sì yẹ etí rẹ̀ wò. Bó bá ń sọ̀rọ̀ nílé tí ìdákẹ́jẹ́ níta sì pẹ́ jù, tí ara rẹ̀ ń le gbagidi bí ẹnikẹ́ni bá bá a sọ̀rọ̀, ìyẹn náà tó ohun tí à ń bá dókítà sọ.

Wọ́n ti dá èdè tiwọn sílẹ̀. Ṣé kí n dá wọn lẹ́kun?

Ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀. Mo mọ àwọn méjì kan tí wọ́n ń kan ìdí ife mọ́ tábìlì lẹ́ẹ̀méjì bí wọ́n bá fẹ́ omi sí i, lẹ́ẹ̀kan bí wọ́n bá fẹ́ lọ ṣeré. Ìdààmú ni fún etí wa, àmọ́ ó yé àwọn.

Ohun tí ọmọ lè dá sílẹ̀ ju èyí lọ fíìfíì. Lẹ́yìn tí wọ́n ṣí ilé ẹ̀kọ́ fún àwọn ọmọ adití ní Managua, olú ìlú Nicaragua, nípari àwọn ọdún 1970, àwọn ọmọ tó jẹ́ pé àmì ilé wọn nìkan ni kálukú mọ̀ pàdé ara wọn. Àwọn olùkọ́ ń kọ́ wọn ní èdè Spain, kò wọlé. Láàárín ara wọn, níbi eré àti nínú ọkọ̀, wọ́n hun àmì wọn pọ̀. Àwọn kékeré tó dé lẹ́yìn tún un ṣe títí ó fi di èdè odidi, tó ní gírámà tirẹ̀. Àwọn onímọ̀ èdè ṣì ń kẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ títí dòní.

Ṣé kò ní da èdè ilé rẹ̀ rú?

Kò ní dà á rú. Ọmọ lè gbọ́ èdè méjì tàbí mẹ́ta, bó bá sì ń dà wọ́n pọ̀ nínú gbólóhùn kan, ó ń lo ohun tó ní lọ́wọ́ ni. Ẹ máa sọ tiyín nílé láìyẹ̀. Àdéhùn Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé lórí ẹ̀tọ́ ọmọ, ti 1989, ní abala 30, sọ pé kí a má fi lílo èdè rẹ̀ du ọmọ tó wá láti àwùjọ tí wọn kò pọ̀. Abala 31 rẹ̀ sì fún un lẹ́tọ̀ọ́ sí eré. Ìgbà tí ọmọ bá jókòó sídìí jọ́ọ̀gì, ó ń lo méjèèjì.

Mímì orí àti nína ìka: ṣé ìtumọ̀ kan náà ni wọ́n ní níbi gbogbo?

Rárá. Ní Bulgaria, mímì orí sókè-sódò sábà máa ń jẹ́ "rárá", mímì í sọ́tùn-ún-sósì sì ni "bẹ́ẹ̀ ni". Nína àtàǹpàkò sókè, èébú ni láwọn ibì kan. Bí ọmọ tuntun bá mi orí tó sì bínú nígbà tí wọ́n bu omi fún un, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ pé ohun tó sọ kọ́ ni wọ́n gbọ́.

Fífi àtẹ́lẹwọ́ bo ẹnu ife ni àmì "ó tó" tí mi ò tíì rí ọmọ tó ṣì í gbọ́.

Ọ̀kan nínú wọn kò gbọdọ̀ mu ohun tí a gbé kalẹ̀. Kí ni ká ṣe?

Kí gbogbo wọn mu omi. Mi ò fara mọ́ kí a gbé ife ọ̀tọ̀ fún ọmọ kan ṣoṣo lórí tábìlì tí a ní kó ti wá wá ọ̀rẹ́, ìdí yòówù kó jẹ́: àìsàn, ìgbàgbọ́ ilé, tàbí pé òbí rẹ̀ kàn kọ̀.

Ẹ mọ ìyàtọ̀ àárín nǹkan méjì tí àwọn èèyàn máa ń pè ní ọ̀kan. Ọmọ tí ikùn rẹ̀ kì í lọ ṣúgà inú wàrà á ní inú rírun, á ní afẹ́fẹ́ nínú, ó lè yàgbẹ́ gbuuru. Ó nira, kì í pani. Èkejì ni ọmọ tí ara rẹ̀ ń bá wàrà jà. Díẹ̀ péré lè mú kí ètè tàbí ọ̀fun rẹ̀ wú, kí ara rẹ̀ lé kíákíá, kó má rí èémí mí. Ti èyí, ìṣẹ́jú ni ọ̀rọ̀ rẹ̀: bí abẹ́rẹ́ adrenaline rẹ̀, èyí tí dókítà fún un de irú ìgbà yìí, bá wà, ẹ gún un, kí ẹ sì pe àwọn tó ń gba èèyàn là pàjáwìrì lójú ẹsẹ̀. Ní ti ọmọ tó ní àtọ̀gbẹ, oje èso lè jẹ́ oògùn fún un nígbà tí ṣúgà ara rẹ̀ bá já wálẹ̀, torí náà ẹ má gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ láìbéèrè.

Ewu tó wà nínú ọ̀rọ̀ wa yìí gan-an ni pé ọmọ náà lè máà ní ẹnu láti sọ ọ́. Ọmọ tó gbọ́ èdè á ní "ọ̀fun ń yún mi." Èyí tí kò gbọ́ á kàn dákẹ́ sí igun kan, àwa á sì rò pé ojú ló ń tì í. Ẹ kọ́ ọ ní àmì kan lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ọwọ́ sí ọrùn tàbí ọwọ́ sí ikùn, kí ẹ kọ́ ọmọ tó jókòó tì í pẹ̀lú, kó lè sáré wá pè yín. Bó bá ní ohun tí ara rẹ̀ kò gbà, kó wà lórí káàdì tí àwòrán ohun náà wà lára rẹ̀, kì í ṣe ọ̀rọ̀ nìkan.

Báwo ni mo ṣe máa gba àṣẹ lọ́wọ́ òbí tí èmi náà ò gbọ́ èdè rẹ̀?

Ẹ gbé ohun mímu náà fúnra rẹ̀ hàn án. Ẹ nawọ́ sí i, kí ẹ nawọ́ sí ọmọ rẹ̀, kí ẹ dúró. Bó bá jẹ́ wàrà tàbí oje inú páálí, ẹ jẹ́ kó ka ẹ̀yìn páálí náà, tàbí kí ẹ fi fóònù túmọ̀ ohun tí wọ́n kọ síbẹ̀ sí èdè rẹ̀. Bí ojú rẹ̀ kò bá dá sáká, omi ni.

Ọmọ mi ń fi ohun mímu rẹ̀ ra ọ̀rẹ́. Ó ń gbé ìgò rẹ̀ fún wọn lójoojúmọ́.

Ìgbà àkọ́kọ́, ìkíni ni. Bó bá di ojoojúmọ́, ẹ lọ wò ó láti ọ̀ọ́kán, ẹ má jẹ́ kó rí yín. Ìbéèrè mi kì í ṣe bóyá ó ń fúnni. Ṣé wọ́n ń bá a ṣeré lẹ́yìn tí ìgò bá ṣófo? Ṣé ẹlòmíràn ń gbé nǹkan fún òun náà, bó tilẹ̀ jẹ́ ewé tàbí òkúta wẹ́wẹ́? Bó bá jẹ́ pé wọ́n ń gba ìgò, wọ́n ń yíjú sẹ́yìn, wọ́n ń lọ, wọ́n ń yan ọmọ yín jẹ ni, àìlẹ́nu rẹ̀ sì ń bò wọ́n láṣìírí.

Ẹ má bá a wí. Ìgò ni kí ẹ mú kúrò nínú ọ̀rọ̀: kí jọ́ọ̀gì kan tí kì í ṣe ti ẹnikẹ́ni wà lórí tábìlì, kó sì jẹ́ pé méjì-méjì ni wọ́n ń lọ síbẹ̀. Ohun tí kì í ṣe tirẹ̀, kò lè fi ra ẹnikẹ́ni.

Àwọn tó ń sọ èdè kan jókòó síhìn-ín, àwọn tó ń sọ èkejì sọ́hùn-ún. A fún gbogbo wọn ní ohun mímu, kò yí nǹkan kan padà.

Kò lè yí i padà. Ní 1954, Muzafer Sherif, onímọ̀ nípa ìhùwà ẹ̀dá, àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kó ọmọkùnrin 22, bí ọmọ ọdún 11, lọ sí àgọ́ ní Robbers Cave, ní Oklahoma, Amẹ́ríkà. Wọ́n pín wọn sí ẹgbẹ́ méjì, wọ́n sì mú kí wọ́n máa figa gbága. Kò pẹ́ tí wọ́n fi ń sun àsíá ara wọn. Èdè kan náà ni gbogbo wọn ń sọ o! Àwọn olùwádìí gbìyànjú láti kó wọn jọ síbi oúnjẹ, oúnjẹ náà ni àwọn ọmọ fi ń sọ ara wọn. (Wọn ò sọ fún àwọn ọmọ náà pé ìwádìí ni wọ́n ń ṣe lára wọn. Èmi ò ní fi ọmọ mi sílẹ̀ fún irú ẹ̀.)

Ohun tó bẹ̀rẹ̀ sí í rọ ọkàn wọn ni pé omi àgọ́ náà kò wá mọ́. Ẹgbẹ́ méjèèjì ní láti jọ wá ibi tó ti dí. Nígbà tí omi wá dé, ẹgbẹ́ kan jẹ́ kí èkejì kọ́kọ́ mu, torí àwọn yẹn kò gbé ìgò omi dání, òùngbẹ sì ń gbẹ wọ́n jù. Kò tán ìjà lọ́jọ́ kan. Wọ́n tún ní láti jọ ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ bíi mélòó kan. Lọ́dún yẹn kan náà ni Gordon Allport, onímọ̀ nípa ìhùwà ẹ̀dá míì, kọ ọ́ pé kí àwùjọ méjì tó ń pàdé tó lè fẹ́ràn ara wọn, kí ẹ̀tọ́ wọn dọ́gba, kí wọ́n jọ ń lé ohun kan, kí wọ́n jọ ṣe é, kí aláṣẹ sì fọwọ́ sí i.

Torí náà ẹ má gbé ohun mímu fún wọn. Ẹ jẹ́ kí wọ́n lọ gbé e wá. Kẹ́ẹ̀gì omi tí ẹnì kan kò lè dá gbé, tí ọwọ́ méjì sì wà lára rẹ̀. Ẹ so ọmọ ìhín àti ọmọ ọ̀hún pọ̀ sídìí rẹ̀.

Wọ́n ti gbọ́ èdè ara wọn báyìí, wọn ò sì jọ jókòó mọ́. Kí ni mo ṣe tí kò dáa?

Kò sí. Nígbà tí kò sí ọ̀rọ̀ láàárín wọn, ohun tí wọ́n jọ ní nìkan ni wọ́n ń rí: jọ́ọ̀gì, ife, omi tó ta sílẹ̀. Nísinsìnyí ọ̀kan ti lè sọ pé bọ́ọ̀lù lòun fẹ́, èkejì ti lè sọ pé bọ́ọ̀lù sú òun. Èdè ló fún wọn láyè láti yàtọ̀. Àwọn ọmọ tó ń sọ èdè kan náà láti ìbí náà ń pààrọ̀ ọ̀rẹ́, a kì í sì pe ìpàdé lé e lórí.

Bí ọ̀kan bá ń sunkún nítorí rẹ̀, ẹ jókòó tì í, kí ẹ gbọ́ ọ. Ó ti ní ọ̀rọ̀ tó lè fi sọ ọ́ báyìí. Bí kò bá sí ẹni tó ń sunkún, ẹ má dá sí i. Kí ẹ ṣáà má gbé jọ́ọ̀gì kúrò níbi tí wọ́n mọ̀ ọ́n sí.